Àgò Là Á Kí Kí A Tó Gun Òkè Àkókó

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ojú àlejò tóbi, ṣùgbọ́n kò fi ríran. Òwe yìí bá àṣà kan tó ń gbilẹ̀ láàrin wa lóde òní mu wẹ́kú. Bí ọdún Kérésìmesì, Àjíǹde tàbí Iléyá bá dé, ìdílé kan yóò háyà ọkọ̀, wọn yóò bu oúnjẹ sínú abọ́, wọn yóò sì gbéra ní òwúrọ̀ láti lọ wo òkè àti adágún omi. Wọ́n á dé ìdí àpáta, wọ́n á ya àwòrán, wọ́n á jẹ ìrẹsì, wọ́n á mu ọtí ẹlẹ́rìndòdò. Kí oòrùn tó wọ̀, wọ́n ti padà sílé, wọ́n sì ń sọ fún aládùúgbò pé àwọn ti rí Àkókó. Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ ni pé, kí ni wọ́n rí gan-an?

Kò sí ẹni tó lè sọ pé ìgbafẹ́ ọlọ́jọ́ kan bẹ́ẹ̀ burú. Ara ń fẹ́ ìsinmi, ojú ń fẹ́ ohun tó rẹwà, ọmọ tí wọ́n tọ́ ní Èkó sì nílò láti mọ̀ pé gbogbo ayé kọ́ ni ó tẹ́ pẹrẹsẹ bí etí òkun. Ohun tó ń kọ àwọn àgbà lóminú ni pé ọ̀pọ̀ ènìyàn ń wo òkè bí ẹni ń wo àwòrán ara ògiri. Lójú àwọn tó ni ín, òkè kì í ṣe àwòrán rárá. Ilé ni. Bí ó bá sì jẹ́ pé ilé ni, a kì í já wọ ilé onílé láìkí àgò.

Ẹ jẹ́ kí a fi ojú inú wo ìdílé kan tó gbéra ní Èpìnmì ní ìdájí ọjọ́ Sátidé. Bàbá àgbà ló jókòó síwájú lẹ́gbẹ̀ẹ́ awakọ̀, àwọn ọmọ ọmọ rẹ̀ tó ti Èkó wá fún ìsinmi sì wà lẹ́yìn. Ọkọ̀ dorí kọ Ọ̀kà. Bí ilẹ̀ ti ń mọ́, àwọn àpáta bẹ̀rẹ̀ sí í yọrí nínú ìkùukùu ní ọ̀tún àti ní òsì, òmíràn dà bí erin tó dùbúlẹ̀, òmíràn bí igbá tí wọ́n dojú rẹ̀ dé. Kí ẹnikẹ́ni tó gbé ẹsẹ̀ lé òkúta kan ní Ọ̀kà, bàbá yìí ní kí awakọ̀ kọ́kọ́ yà sílé ọ̀kan nínú àwọn àgbà àdúgbò, ẹni tí ó ti ránṣẹ́ sí láti ọjọ́ méjì sẹ́yìn. Àwọn ọmọkùnrin dọ̀bálẹ̀, àwọn ọmọbìnrin kúnlẹ̀. Onílé ní, "Ẹ kú ewu ọ̀nà o, ẹ káàbọ̀," ó bu omi fún wọn, ó sì dìde láti mú wọn gòkè fúnra rẹ̀.

Wọn kò tíì rìn jìnnà tí ọmọ tó kéré jù fi béèrè pé, "Bàbá, ta ló gbé òkúta ńlá yìí síbí?"

Onílé rẹ́rìn-ín. "Kò sẹ́ni tó gbé e wá, ọmọ mi. Ilẹ̀ tó bò ó mọ́lẹ̀ ló ṣí lọ, tó fi òun nìkan sílẹ̀."

"Ta ló wá ń gbé orí rẹ̀ nígbà náà?"

"Àwọn baba ńlá wa ni."

Ìdáhùn méjèèjì yìí tó odindi ẹ̀kọ́ kan ní ilé-ìwé. Ẹ jẹ́ kí a mú wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan.

Àkọ́kọ́ ni ti òkúta fúnra rẹ̀. Àwọn onímọ̀ nípa ilẹ̀ kọ́ wa pé àwọn àpáta Àkókó wà lára òkúta ìpìlẹ̀ ilẹ̀ Nàìjíríà, èyí tó ti wà fún ohun tó ju mílíọ̀nù 500 ọdún lọ. Inú ilẹ̀ lọ́hùn-ún ni wọ́n ti gbóná, tí wọ́n tutù, tí wọ́n sì le. Òjò àti oòrùn bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ ilẹ̀ tó wà lórí wọn, ọ̀gbàrá ń gbé e lọ díẹ̀díẹ̀, títí orí òkúta fi yọ síta. Títí di òní, oòrùn ọ̀sán ń mú ara àpáta gbóná, òru ń mú un tutù, ara rẹ̀ sì ń bó ní ìpele ìpele bí èèpo àlùbọ́sà. Ìdí nìyẹn tí orí ọ̀pọ̀lọpọ̀ wọn fi rí rọ̀bọ̀tọ̀. Ọ̀rọ̀ onílé pé ilẹ̀ ló ṣí lọ kò jìnnà sí ohun tí ìwé wí.

Èkejì ni ti àwọn tó gbé ibẹ̀. Ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ogun kò jẹ́ kí ilẹ̀ Àkókó rójú. Àwọn ẹlẹ́ṣin Tápà láti Bídà ń wá lọ́dọọdún, wọ́n ń kó ènìyàn lẹ́rú, wọ́n sì ń gba ìṣákọ́lẹ̀. Àwọn jagunjagun láti ilẹ̀ Yorùbá pàápàá kò fi wọ́n lọ́rùn sílẹ̀. Kí ni ìlú kékeré tí kò ní ẹgbẹ́ ọmọ ogun ńlá yóò ṣe? Òkè ni wọ́n sá gùn. Ẹṣin tó ń fò lórí pápá kò lè gun àpáta tó ń yọ̀. Ẹni tó wà lókè ń rí eruku ọ̀tá láti ọ̀nà jíjìn. Òkúta tí ọwọ́ méjì lè yí láti òkè ju ìbọn lọ fún ẹni tó ń rápálá bọ̀ nísàlẹ̀. Lójú ọmọ Àkókó ìgbà náà, òkè ni odi ìlú, òkè náà sì ni ilé. Ní ọjọ́ tí kò sí ogun, wọ́n á sọ̀kalẹ̀ lọ ro oko ní pẹ̀tẹ́lẹ̀, wọ́n á sì tún gun òkè padà ní ìrọ̀lẹ́ pẹ̀lú ẹrù iṣu lórí.

Ní ọdún 1897, ilé-iṣẹ́ Royal Niger Company àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣẹ́gun Bídà, agbára àwọn Tápà lórí agbègbè náà sì wá sópin. Láti ìgbà náà lọ, ohun tó lé àwọn ènìyàn sókè kò sí mọ́. Ìjọba amúnisìn sì ń fẹ́ kí ìlú wà lẹ́bàá ọ̀nà, níbi tí owó orí, kóòtù àti ilé-ìwé kò ti ní jẹ́ ìṣòro. Díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n ń sọ̀kalẹ̀. Ṣùgbọ́n wọn kò sọ̀kalẹ̀ tán pátápátá nínú ọkàn wọn, nítorí orí òkè ni ọ̀pọ̀ ìdílé sin àwọn baba wọn sí.

Òkè tún ṣe iṣẹ́ mìíràn tí ọ̀pọ̀ àlejò kì í fiyè sí. Àkókó kì í ṣe ìlú kan, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe èdè kan. Ìjọba ìbílẹ̀ mẹ́rin ni ó pín sí lónìí, tí olú ìlú wọn jẹ́ Ìkàrẹ́, Òkèàgbè, Ọ̀kà àti Ìṣùà. Ní Èpìnmì, tó wà lábẹ́ Ìṣùà, èdè Ukue ni èdè ìbílẹ̀, ó sì bá èdè Ẹ̀dó tan ju Yorùbá lọ. Ní Auga àti Kakumo, èdè Ukaan ni wọ́n ń sọ, èyí tí àwọn onímọ̀ èdè ṣì ń jiyàn lórí ìdílé tó ti jáde. Àrìgìdì náà ní èdè tirẹ̀. Yorùbá ni gbogbo wọn fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀ lọ́jà àti ní ilé-ìwé. Nígbà tí olúkúlùkù ìlú bá wà lórí òkè tirẹ̀ tàbí lẹ́yìn òkè tirẹ̀, kò ṣòro láti mọ ìdí tí èdè kéékèèké bẹ́ẹ̀ kò fi tètè pòórá. Àpáta tó gba ẹ̀mí là wà lára ohun tó gba èdè là pẹ̀lú.

Ẹni tó gbọ́ gbogbo èyí kò ní béèrè mọ́ pé kí ló dé tí a fi ń kí àgò kí a tó gun òkè. Ọ̀nà tí àṣà là sílẹ̀ kò le rárá. Èkíní, kí àlejò ránṣẹ́ ṣíwájú. Èkejì, bí ó bá dé, kí ó kọ́kọ́ yà kí ọba, baálẹ̀ tàbí àgbà àdúgbò tí òkè náà wà ní ìkáwọ́ rẹ̀. Ẹ̀kẹta, kí ó gba ọmọ ìlú kan tí yóò máa ṣíwájú rẹ̀, kí ó sì fún un ní ohun tó tọ́ sí i fún làálàá rẹ̀. Ẹ̀kẹrin, kí ó béèrè èèwọ̀ ibẹ̀ kí ó tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọwọ́ kan nǹkan. Ní orí ọ̀pọ̀ òkè tí ènìyàn ti gbé rí ní ilẹ̀ Yorùbá, a máa ń rí àfọ́kù ìkòkò, ibi tí wọ́n ti lọ ata tàbí àgbàdo títí òkúta fi jin kòtò, àti ìpìlẹ̀ ògiri. Ẹni tó bá mú àfọ́kù kan sínú àpò lọ sílé láti fi ṣe ọ̀ṣọ́ ti ya ojú ewé kan kúrò nínú ìwé tí kò ní ẹ̀dà.

Àwọn kan yóò sọ pé irú ìkíni bẹ́ẹ̀ jẹ́ ìbọ̀rìṣà, pé onígbàgbọ́ tàbí mùsùlùmí kò gbọdọ̀ tẹríba kí ó tó gun òkúta. Ó yẹ kí a dá ọ̀rọ̀ náà sí méjì. Ẹbọ jẹ́ ti àwọn tó ń rú u, kò sì sẹ́ni tó ń fi túláàsì lé àlejò lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n ìkíni jẹ́ ti ọmọlúàbí, ẹ̀sìn yòówù kí ó máa ṣe. Ní Ọ̀kà kan náà ni Òkè Maria wà, níbi tí àwọn ọmọ ìjọ Kátólíìkì ń gùn lọ gbàdúrà. Àwọn náà kì í gun òkè wọn pẹ̀lú ariwo àti ẹ̀fẹ̀. Ìgbàgbọ́ lè yàtọ̀, ṣùgbọ́n gbogbo wọn gbà pé a kì í fi ojú yẹpẹrẹ wo ibi gíga.

Bí ìdílé Èpìnmì yìí ti sọ̀kalẹ̀ ní Ọ̀kà tí wọ́n sì dágbére fún onílé, wọ́n gba Àkùngbá lọ sí Ìkàrẹ́. Ọ̀nà yìí dára wò, ṣùgbọ́n ó ń béèrè sùúrù. Ó ń gun òkè, ó ń sọ̀kalẹ̀, àwọn ọkọ̀ àjàgbé tó ru ẹrù wúwo sì ń gba ibẹ̀. Ní oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 2021, ọkọ̀ àjàgbé kan tí ìjánu rẹ̀ já ṣekú pa àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní ẹnu ọ̀nà Yunifásítì Adékúnlé Ajásin ní Àkùngbá. Nítorí náà ni bàbá àgbà ṣe kìlọ̀ fún awakọ̀ pé kí ó jìnnà sí ẹ̀yìn ọkọ̀ ńlá. Ó sì ti pinnu láti ilé pé kí àwọn ti padà sí Èpìnmì kí ilẹ̀ tó ṣú, nítorí àwọn ajínigbé ti dààmú àwọn arìnrìn-àjò ní ojú ọ̀nà Àkókó ní àwọn ọdún tó kọjá, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀ṣọ́ Àmọ̀tẹ́kùn, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 2020, ń sa ipá wọn. Ìrìn-àjò tó dùn ni èyí tí a lọ tí a sì bọ̀.

Ní Ìkàrẹ́ ni adágún Àwàrà wà. Dáàmù ni wọ́n fi sé omi náà, kí ó lè jẹ́ omi mímu fún àwọn ará ìlú. Àwọn ọmọ Èkó náà rò pé omi yìí àti òkè tí wọ́n gùn lówùúrọ̀ kò bá ara wọn tan. Bàbá àgbà ní kí wọ́n wo àwọn àpáta tó yí agbègbè náà ká. Bí òjò bá rọ̀ sórí àpáta, kò ríbi wọ̀, ń ṣe ni ó ń ṣàn wálẹ̀ sí àfonífojì. Ẹni tó bá sé àfonífojì náà ni ó ní adágún. Òkè ni ó ń bu omi fún pẹ̀tẹ́lẹ̀.

Àwọn tó gbé orí òkè láyé ogun mọ èyí ju ẹnikẹ́ni lọ, nítorí omi ni ìṣòro wọn. Òkè lè jẹ́ odi, ṣùgbọ́n odi kì í pa òùngbẹ. Omi òjò tó dúró sínú kòtò àpáta lè gbẹ nígbà ọyẹ́, àwọn obìnrin á sì ní láti sọ̀kalẹ̀ lọ pọn omi ní ìsàlẹ̀, níbi tí ọ̀tá lè lúgọ sí. Ìdí nìyí tí òkè tó bá ní omi tirẹ̀ fi jẹ́ ohun àpọ́nlé. Ẹ wo Adó-Àwáyè, lẹ́bàá Ìsẹ́yìn ní ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́. Lẹ́yìn tí ènìyàn bá ti gun àtẹ̀gùn tó ju 300 lọ, yóò bá adágún Ìyákẹ́ lórí òkè níbẹ̀. Ìgbàgbọ́ àwọn ará ibẹ̀ ni pé ẹni tó bá wọ inú omi náà kì í padà. Ẹni tó bá ronú jinlẹ̀ yóò rí i pé èèwọ̀ bẹ́ẹ̀ ń ṣe iṣẹ́ ọlọ́pàá, nítorí omi tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ wọ̀, kò sẹ́ni tí yóò fọ aṣọ tàbí wẹ̀ nínú rẹ̀. Adágún Àwàrà kò ní irú èèwọ̀ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ohun kan náà ló yẹ ẹ́. Kò yẹ kí àlejò da ọ̀rá àti ike sí omi tí ìlú ń mu.

Kì í ṣe Àkókó nìkan ni òkè ti ṣe irú oore yìí. Abẹ́ Olúmọ ni àwọn Ẹ̀gbá sá sí ní nǹkan bí ọdún 1830, ibẹ̀ sì ni Abẹ́òkúta ti gba orúkọ rẹ̀. Ní ìpínlẹ̀ Oǹdó kan náà, orí òkè ni àwọn ará Ìdànrè gbé títí wọ́n fi sọ̀kalẹ̀. Ààfin àtijọ́ ṣì wà lókè lọ́hùn-ún, àtẹ̀gùn tó ju 600 lọ ni àlejò yóò sì gùn kí ó tó dé ibẹ̀. Láti ọdún 2007 ni Òkè Ìdànrè ti wà lórí ìwé àwọn ibi tí Nàìjíríà fẹ́ kí àjọ UNESCO kà mọ́ ogún gbogbo ayé. Bí a bá sì fẹ́ mọ bí ó ti pẹ́ tó tí ènìyàn ti ń fi abẹ́ àpáta ṣe ilé, ẹ rántí Ihò Eléérú ní Ìsàrún lẹ́bàá Àkúrẹ́. Ní ọdún 1965, ọ̀jọ̀gbọ́n Thurstan Shaw àti àwọn ènìyàn rẹ̀ wú egungun ènìyàn jáde níbẹ̀, ọjọ́ orí rẹ̀ sì lé ní 11,000 ọdún.

Ìdànrè ní àtẹ̀gùn, ó ní àwọn amọ̀nà, ìjọba sì mọ orúkọ rẹ̀. Ọ̀pọ̀ òkè Àkókó kò ní irú rẹ̀. Orí àwọn àgbà nìkan ni ìtàn wọn wà. Àgbà kan tó bá kú ní Èpìnmì, ní Auga tàbí ní Ọ̀kà lè gbé orúkọ ogún àpáta lọ sí sàréè, pẹ̀lú ibi tí wọ́n ti ń pọn omi, ọ̀nà tí wọ́n gbà sá àti orin tí wọ́n fi kìlọ̀ pé ọ̀tá ń bọ̀. Àwọn tó ń fọ́ òkúta tà fún iṣẹ́ ọ̀nà àti ilé kò ní béèrè bí àpáta kan bá ní ìtàn tàbí kò ní. Bí àwọn ọmọ onílé fúnra wọn kò bá mọ orúkọ rẹ̀, kí ni wọn yóò sọ láti fi dáàbò bò ó? Òkúta tí kò ní orúkọ, ẹrù ọkọ̀ lásán ni.

Nítorí náà, ìrìn-àjò ọjọ́ kan lè jẹ́ ìgbafẹ́, ó sì tún lè jẹ́ ìgbàlà. Ẹ̀yin olùkọ́, bí ẹ bá ń kó àwọn ọmọ lọ wo òkè, ẹ jẹ́ kí olúkúlùkù wọn kọ ìbéèrè mẹ́ta sínú ìwé kí wọ́n tó kúrò ní ilé-ìwé. Kí ni orúkọ òkè yìí? Ta ló gbé ibẹ̀ rí? Níbo ni wọ́n ti ń rí omi? Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, fóònù tí ẹ fi ń ya àwòrán ara yín lè gba ohùn àgbà sílẹ̀ pẹ̀lú, bí ẹ bá tọrọ àyè lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ó fi èdè ìlú rẹ̀ sọ ọ́, kí ẹ tó béèrè ìtumọ̀ ní Yorùbá. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni kí ẹ lọ, láàrin oṣù Bélú sí oṣù Ẹrẹ́nà, nítorí àpáta tí òjò ti rẹ kò mọ ọlọ́lá. Bí ọyẹ́ bá sì mú púpọ̀, kò ní jẹ́ kí ẹ rí ọ̀nà jíjìn. Ẹ wọ bàtà tó di ilẹ̀ mú, ẹ sì gbé omi dání.

Ẹ̀yin àgbà náà, iṣẹ́ wà fún yín. Ẹ má ṣe dúró de ọjọ́ tí ọmọ yóò béèrè. Ẹsẹ̀ tí kò lè gun òkè mọ́ lè jókòó sí ìdí rẹ̀ kí ó sì nawọ́ sí i. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́.

Oòrùn ti ń rẹlẹ̀ nígbà tí ọkọ̀ ìdílé yẹn padà dé Èpìnmì. Ìyá àgbà jáde sí wọn, ó kí wọn kú àbọ̀, ó sì bi ọmọ tó kéré jù pé kí ni ó rí. Ọmọ náà kò sọ̀rọ̀ nípa àwòrán tàbí ìrẹsì. Ó ní, "Ìyá àgbà, mo rí ilé àwọn ará Ọ̀kà àtijọ́. Níbo ni tiwa wà?"

Ìyá àgbà wo ọkọ rẹ̀, bàbá àgbà sì wo ìhà ibi tí àwọn òkè wà. Wọ́n ti mọ ibi tí wọn yóò lọ ní Sátidé tó ń bọ̀.